Àfikún Ọ̀nà Òwènà

Aago méjì òru ni owó dátà máa ń rọlẹ̀,
nítorí náà aago méjì òru ni mo máa ń jí,
ní yàrá ẹ̀yìn wa ní Ìjọ̀kà, ní Àkúrẹ́,
kí n jókòó ti kọ̀ǹpútà àlòkù tí inú rẹ̀ ń kùn
bí ilé oyin tí wọ́n figi gún.

Mo ń wá àfikún.
Géèmù ọkọ̀ ẹrù ni mo rà, ìhòòhò ni mo rà á:
ọ̀nà ilẹ̀ òyìnbó, yìnyín, afárá onírin,
àwọn ìlú tí n kò lè pe orúkọ wọn láì gé ahọ́n jẹ.
Àfikún ló ń wọ̀ ọ́ láṣọ.
Òmíràn, owó ni. Òmíràn, ọ̀fẹ́ ni.
Ọ̀fẹ́ kan sì wà tó jẹ́ olè tó wọ ẹ̀wù àlejò:
ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo ṣílẹ̀kùn fún un,
ó jẹ gbogbo fọ́tò ìgboyè Mosúnmọ́lá.
Láti ìgbà náà, mo máa ń yẹ ìdí nǹkan wò
kí n tó mú un wọlé.

Mo ní fódà mọ́kànlélọ́gọ́ta.
Ẹ̀dà yìí kò bá géèmù tuntun mu,
èyí ń retí èkejì rẹ̀ kó tó lè dìde.
Bí èyí tó yẹ kó kẹ́yìn bá ṣíwájú, ojú ọ̀run á dúdú,
lọ́rì á máa fò nínú afẹ́fẹ́, taya rẹ̀ á máa yí lásán.
Àfikún òjò àti àfikún kòtò ń jà
bí ọmọ ìyá méjì tó ń du àga iwájú mọ́tò.
Mo tò wọ́n. Mo tú wọn. Mo tún wọn tò.
Ilẹ̀ mọ́.

Òru ọjọ́ kan ni mo rí i:
"Àkúrẹ́ sí Oǹdó, ẹ̀dà kẹta."
Fọlájìnmí lẹni tó ṣe é, Òkè-Àgùnlá ní Oǹdó ló ń gbé.
Gígàbáìtì mẹ́rin. Ààyè tó kù fún mi kò pé méjì.
Mo bá da yìnyín nù. Mo yọ afárá onírin.
Mo yọ ìlú mẹ́ta tí n kò lè pè.

Bàbá mi wa ọkọ̀ kòkó lójú ọ̀nà yẹn fún ọdún mọ́kànlélógún
kí ẹ̀gbà tó gba ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀, àti ìdajì ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀.
Mo gbé àga rẹ̀ súnmọ́. Mo gbé ọwọ́ òsì rẹ̀ lé bọ́tìnnì.
Kò wí nǹkan kan títí a fi dé etí afárá Òwènà.
Níbẹ̀ ló tẹ bíréèkì.
"Irọ́," ni ó wí. Ọ̀rọ̀ náà jáde ní odindi, kò fọ́.
"Òsì... òsì ló kọ́kọ́ yà."

Mo kọ̀wé sí Fọlájìnmí: ẹ jọ̀ọ́, bàbá mi ní
títì yẹn máa ń ṣẹ́ sósì kó tó bọ́ sórí afárá.
Ó fèsì lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́sàn-án:
Ẹ bá mi kí wọn. Ìyá mi àgbà ti sọ bẹ́ẹ̀ fún mi, mi ò gbà.
Ẹ̀dà kẹrin dé.
N kò pa ẹ̀dà kẹta rẹ́, bí ààyè tilẹ̀ há:
inú rẹ̀ ni bàbá mi ti wí pé "Irọ́."

Lálẹ́ àná, jẹnẹrétọ̀ ń tú èéfín lábẹ́ fèrèsé,
bàbá mi yà sósì, ó gun afárá, ó sọ̀kalẹ̀,
ó dúró níwájú ilé kan
tí Fọlájìnmí kàn fi ṣe ọ̀ṣọ́ etí ọ̀nà,
páànù pupa, kò tilẹ̀ nílẹ̀kùn,
ó sì fọn fèrè mọ́tò lẹ́ẹ̀mẹ́ta.

Nínú ilé ìdáná, ìró ṣíbí dákẹ́.
Òwènà ni wọ́n bí ìyá mi sí.
Ó yọjú, ìyẹ̀fun dé ìgunpá rẹ̀,
kò wo èmi, kò wo kọ̀ǹpútà.
"Wọ́n ti sùn nílé wa o," ni ó wí,
"rọra fọn ọ́n."