Orálíà Kó Oyin Rẹ̀ Lọ sí Ìwọ̀-Oòrùn

Òru ni Orálíà di àpótí oyin sẹ́yìn ọkọ̀,
ogójì, wọ́n ń kùn bí ọmọ tí a jí lójú oorun.
Igbó páínì ṣì ń kán omi ní ìlà-oòrùn Tẹ́sáàsì,
ọ̀nì gbé imú lé ojú àbàtà, kò kí ẹnikẹ́ni.

Ilẹ̀ mọ́ bá a láàárín pápá koríko.
Ọ̀sán pọ́n, òkè olókùúta funfun.
Ó mu kọfí, ó tún wakọ̀.
Ìpínlẹ̀ kan náà ni o!

Nígbà tí oòrùn wọ̀, iyanrìn ló kù,
àti ọrọ́ ẹlẹ́gùn-ún tó yọ òdòdó pupa kan ṣoṣo.
Ó ṣí àpótí kan.
Oyin kan fò jáde, ó wá omi tì,
ó padà bà lé e lọ́wọ́,
bí ẹni ń bèèrè pé:
ṣé a ò tíì kúrò nílé ni?