Òwú Tó Fò Mí Dá

Kúbwà, oṣù ọyẹ́, ẹ̀yìn ilé oníyàrá méjì.
Màmá mi fi igi mẹ́rin ti ògiri,
ó ta òwú sára wọn láti òkè délẹ̀.
Alàájì Ládán onílé wá wò ó lẹ́ẹ̀mejì,
ó ní ṣé ilẹ̀kùn la fẹ́ kàn síbẹ̀ ni.
Màmá ní, "Bẹ́ẹ̀ ni. Kíjìpá ni yóò gba ibẹ̀ jáde."
Alàájì rẹ́rìn-ín, kò sì béèrè mọ́.

Láti Ìsánlú ló ti gbé apasà rẹ̀ wá,
ó fi ìró wé e bí ọmọ tuntun,
ó gbé e lé itan títí a fi kọjá Lọ́kọ́ja.
Igi náà ti dán bí eyín.
Ìyá ìyá rẹ̀ ló kọ́kọ́ lò ó;
ibi tí àtàǹpàkò wọn ti ń dì í mú ti jinlẹ̀,
tèmi nìkan ni ò débẹ̀ rí.

Mo sá fún un.
Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni mí, mo ní ìwé ni mo fẹ́ kà,
mo ní òwú ń mú mi sín.
Mo kàwé. Mo di akọ̀wé ní Sẹkitéríàtì,
mò ń to fáìlì lé fáìlì.
Aṣọ tí mò ń wọ̀ lọ síbẹ̀, n ò mọ ọwọ́ tó hun ún.

Mọrẹ́níkẹ́ ọmọ mi ló jókòó tì í báyìí,
ọmọ ọdún mẹ́sàn-án,
fóònù mi lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀, ó dojú dé.
Màmá kì í sọ pé "ṣe báyìí".
Ó kàn ń di ọwọ́ rẹ̀ mú, ó ń jẹ́ kó lọ:
gbé e, ti òwú bọ̀ ọ́, lù ú wálẹ̀.
Èdè Yàgbà ló fi ń bá a wí,
èdè tí èmi ti fi sílẹ̀ sí gárèèjì.
Ọmọ náà ń fi Yorùbá àti Haúsá àdúgbò dá a lóhùn,
òwú sì ń gbọ́ gbogbo rẹ̀.

Ní Sátidé, ó fo okùn méjì.
Ó sunkún, ó ní ká tú u.
Màmá fi èékánná tẹ ojú ibẹ̀:
"Má tú u. Bí mo bá ti lọ,
ibí ni wọn ó ti mọ̀ pé ọwọ́ méjì ló hun ún."

Ọwọ́ Màmá ti ń gbọ̀n. Kò sẹ́ni tó ń sọ ọ́.
Òwú Fúntúà tí Málàmù Gàmbo bá wa rà
ṣẹ́ ku apẹ̀rẹ̀ kan àbọ̀;
ó ń wọ̀n ọ́n bí ẹni tó ń ka ọjọ́.

Lóru àná, iná lọ. Mo mú tọ́ọ̀ṣì jáde,
mo tẹ́ ẹní, mo jókòó síwájú ògiri
bí ẹni tó fẹ́ jalè nínú ilé ara rẹ̀.
Apasà náà tutù, ó wúwo ju bí mo ṣe rò lọ.
Mo ti òwú bọ̀ ọ́, mo lù ú
pẹ̀lẹ́, kí ẹnikẹ́ni má baà gbọ́.
Mo tún lù ú.

Ohùn Màmá gba ojú fèrèsé wá nínú òkùnkùn,
kò tilẹ̀ dìde:
"O ti fà á jù. Dẹ̀ ẹ́.
Òwú kì í sá."