Ìkànnì Wo Ni?

Aago méje ku ogún ìṣẹ́jú ní Winnipeg.
Oṣù Igbe ti fẹ́ẹ̀ parí,
yìnyín ò tíì kó ẹrù rẹ̀ kúrò létí fèrèsé wa.
Ẹ̀hìntọ́lá, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, wọ ẹ̀wù ẹgbẹ́ tó gùn dé orúnkún,
ó jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n bí ẹni ń dúró de àlejò.
Họ́kì ni. Ẹ̀ẹ̀mẹta-mẹ́ta ni ẹgbẹ́ méjèèjì ti na ara wọn,
ìkeje ló kù lálẹ́ yìí:
ẹni bá fìdí rẹmi, ó di àmọ́dún.

"Dádì, ìkànnì wo ni?"

Ìbéèrè kékeré.
Mo ti dáhùn èyí tó le jù bẹ́ẹ̀ lọ níwájú aṣọ́bodè
tó fi ìka kan ṣí ìwé ìrìnnà mi
bí ẹni ń ṣí ìkòkò ọbẹ̀ tó ti kan.

Mo ṣí èyí tí mo ń sanwó fún lóṣooṣù.
Ó ní eré náà wà lọ́wọ́ òun,
ṣùgbọ́n kì í ṣe fún àwọn ará ìlú tí wọ́n ti ń gbá a.
Ẹ gbà mí! Mo ń rí iná òrùlé pápá ọ̀hún láti ilé ìdáná,
torí mo súnmọ́ ọn ni n kò fi ní í rí i.
A kì í gbé etí odò ká fi itọ́ ṣanwọ́:
mo ń gbé etí odò, itọ́ ni mo ń wá kiri.

Èkejì ní kí n wò ó lọ́fẹ̀ẹ́ fún ọjọ́ méje.
Ọjọ́ méje náà, ìyàwó mi ti fi wo fíìmù kan lọ́dún tó kọjá,
ó sùn lọ kí wọ́n tó so yìgì.

Ẹ̀kẹta jẹ́ ti Adégòróyè, ẹ̀gbọ́n ìyàwó mi ní Calgary.
Ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀ ni orúkọ ìyá wọn
pẹ̀lú ọdún tí ìyá náà lọ.
Mo ń tẹ̀ ẹ́ ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan,
ìyàwó mi ń wo ìka mi, kò sọ nǹkan kan.
Ojú ẹ̀rọ ní: àwọn tó ń wò ti pọ̀ jù.
Ìyá kan ṣoṣo,
ẹ wo iye ilé tí wọ́n ń fi orúkọ rẹ̀ wọlé.

Nígbà tí mo wà lọ́mọdé ní Ìkirè, ìkànnì kan ni,
kò sẹ́ni tó ń bèèrè èwo.
Iná là ń bèèrè.
Níbí, iná kì í lọ,
àfi kí ìmọ́lẹ̀ pọ̀ títí ojú ó fi ṣókùnkùn.

Mo san dọ́là mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n.
Àwòrán dé. Ó dúró. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í yí,
òkòtó funfun kékeré kan láàárín dúdú.
Ni ariwo bá sọ lára ògiri:
Bàbá Orest, ará Ukraine, aládùúgbò wa,
tó jẹ́ orí ló fi ń kí èèyàn, tí kì í lo ẹnu,
ó ń lu tábìlì, ó ń ké.
A wo ojú ara wa. Tiwa ṣì ń yí.
Ìdajì ìṣẹ́jú lẹ́yìn náà, góòlù tó ti tutù dé bá wa.

Ẹ̀hìntọ́lá gbé etí lé ògiri.
"Dádì, wọ́n tún ti gbá òmíràn wọlé. Bóyá tiwa kọ́.
Ṣé bàbá yẹn ń sunkún ni àbí ó ń ṣépè?"

A lọ kan ilẹ̀kùn pẹ̀lú àwo dòdò kan.
Orest wo àwo, ó wo ẹ̀wù ọmọ, ó yàgò.
Wáyà ìkọ́ṣọ ló fi há ojú fèrèsé,
òun ló ń fa eré wọlé láti inú afẹ́fẹ́,
kò bèèrè orúkọ ìyá ẹnikẹ́ni.

Wọ́n nà wá ní àfikún àkókò kejì.
Ọmọ ti sùn sórí àga, ìbọ̀sẹ̀ kan lẹ́sẹ̀, ìkejì ti sọnù.
Orest fi búláńkẹ́ẹ̀tì bò ó, ó sọ ọ̀rọ̀ kan ní èdè tirẹ̀,
n kò bi í ní ìtumọ̀.

Nígbà tí mo gbé e délé, òkòtó ṣì ń yí.
Oṣù tó tẹ̀lé e, wọ́n tún yọ dọ́là mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n.