Òróró fún Dúrmà

Èmi ni mo ń fi òróró pa kẹ̀kẹ́ kẹta.
Iṣẹ́ bàbá mi ni, iṣẹ́ ìyá bàbá mi ni tẹ́lẹ̀:
ọ̀rá àgùntàn tí a yọ́ lórí iná igi páìnì,
ìyẹ́ pẹ́pẹ́yẹ kan, àkísà méjì,
kí eyín idẹ má baà máa ké bí wọ́n ti ń jẹ ara wọn.

Òkè Velmórà ni ilé wa, níbi tí òjò ti ń dì kó tó balẹ̀,
tí èémí ènìyàn ń lẹ̀ mọ́ irùngbọ̀n bí iyọ̀.
Ibẹ̀ ni Dúrmà jókòó sí, nínú ihò àpáta,
ó ga ju ilé alájà mẹ́ta lọ.
Kò sí ẹni tó mọ ọwọ́ tó rọ ọ́.
A máa ń bọ́ bàtà kí a tó wọlé tọ̀ ọ́.
Ilẹ̀ àpáta a máa jó àtẹ́lẹsẹ̀ bí iná, òtútù ni.
A kì í ráhùn. Mímọ́ àti ìtura kì í sùn lórí ẹní kan.

Bó bá ń yí síwájú, a ó máa dàgbà.
Bí a bá tì í sẹ́yìn... òfin wà:
ẹ̀ẹ̀kan láàárín ìran kan,
òwúrọ̀ kan ṣoṣo ló lè dá padà,
ìlú yóò sì fohùn ṣọ̀kan kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kan ọ̀pá.

Ismerẹ́lì ò bi ìlú léèrè.
Yìnyín adágún ló là lábẹ́ ọmọ rẹ̀, Pélínì,
ọmọ ọdún mẹ́fà, tó so egungun ẹran mọ́ bàtà
láti máa fi yọ̀ lórí omi dídì.
Mo wà níbẹ̀ nígbà tó wọlé, irun rẹ̀ tutù,
aṣọ òtútù ọmọ náà ń kán lápá rẹ̀.
Kò sunkún. Ó ní, "Ṣé kẹ̀kẹ́ kẹta ti ní òróró?"
Mo ní ó ní.
Ohun tí mo ṣe nìyẹn. Ìyẹn náà ni.

Kí n má purọ́: ó dùn ún wò.
Èéfín ń sọ̀ kalẹ̀ padà wọ inú ààrò.
Wọ́n ní ẹyin tó fọ́ kò ṣeé kó jọ;
mo rí ẹyin tó kó ara rẹ̀ jọ,
tó pa ẹnu pọ̀,
tó padà sábẹ́ adìyẹ bí àlejò tó gbàgbé fìlà.
Ipa ẹsẹ̀ ọmọ lórí yìnyín ń palẹ̀ ara wọn mọ́,
ọ̀kọ̀ọ̀kan, títí dé ẹnu ọ̀nà ìyá rẹ̀.
Pélínì jí. Ó ní ebi ń pa òun.

Ṣùgbọ́n àárọ̀ yẹn náà ni Tórúkì arúgbó kú,
Tórúkì tí ìrora ti fi ṣe ẹní sùn fún ọdún mẹ́ta,
tó kú wọ́ọ́rọ́wọ́, bí fìtílà tí epo tán nínú rẹ̀,
tí Hádrẹ̀ ọmọbìnrin rẹ̀ sì mí kanlẹ̀.
Òun náà jí.
Kò mọ̀. Ìlú ò mọ̀.
Àwa tó wà nínú ihò nìkan ni ìrántí kì í fi sílẹ̀.
Lẹ́ẹ̀kejì, ikú kò rọra. Ọjọ́ mọ́kànlá.
Mo ń gbọ́ ohùn rẹ̀ láti ilé wa, lábẹ́ búláńkẹ́ẹ̀tì mẹ́ta.
Ní ọjọ́ kẹsàn-án mo gbé ọbẹ̀ lọ fún un.
Ó di ọwọ́ mi mú, ó wojú mi pẹ́,
ó ní, "Ó ń ṣe mí bí ẹni pé mo ti ṣe èyí tán rí."

N ò dá a lóhùn.

Pélínì ti di géndé báyìí, ó ń ta irun àgùntàn.
Ó máa ń kí mi, á rẹ́rìn-ín, èjí rẹ̀ á yọ.
Ẹ ní kí n kórìíra ẹ̀rín yẹn. N ò lè ṣe é.
Ismerẹ́lì kì í wá sí ihò mọ́.
Ó ń la igi ìdáná fún Hádrẹ̀ ní gbogbo ìgbà òtútù,
Hádrẹ̀ ń dúpẹ́, kò mọ ohun tó ń dúpẹ́ lé lórí.

Ọ̀rá ti yọ́. Mo ti nu ìyẹ́ náà.
Lálẹ́ òní ọmọbìnrin mi tẹ̀ lé mi wá kọ́ṣẹ́.
Ó ní, "Bàbá, bí a ò bá fi òróró pa á mọ́ ńkọ́?"
Dúrmà ń mí. Eyín ń jẹ eyín.
Mo gbé ìyẹ́ náà fún un.
Mo tún gbà á padà.