Ọkùnrin Toronto

Baba mi kò dé Toronto rí.
Caraquet ni wọ́n bí i sí, létí òkun,
níbi tí iyọ̀ ti máa ń wọnú Faransé tí à ń sọ lẹ́nu.
Ṣùgbọ́n bí oṣù karùn-ún bá ti wọlé,
tí yìnyín yọ́ tán ní gbọ̀ngàn àwọn agbáhọ́kì,
tí wọ́n ta okùn yí agbo ìjàkadì ká,
Moncton lónìí, Truro lọ́la, Amherst lọ́túnla,
ẹ ó gbọ́ ọ nínú ẹ̀rọ gbohùngbohùn:
"Ó wọn igba pọ́n-ùn ó lé ogójì.
Láti ìlú Toronto ni ó ti wá!"
Gbogbo ilé á hó: Ùùù!

Ẹ ò lè mọ bí apẹja ṣe kórìíra Toronto tó.
Níbẹ̀ ni iye owó edé ńlá ti ń já.
Níbẹ̀ ni báńkì ti ń kọ lẹ́tà.
Baba mi á sì wọlé, èjìká gíga,
nínú kóòtù onírun tí ìyá mi rán
láti ara ẹní balùwẹ̀ wa;
á mú ìgò lọ́fínńdà jáde,
á fín in sí àwọn tó jókòó níwájú,
bí ẹni pé ẹja ń rùn lára wọn.
Ẹja tí òun náà ń la nínú láti ìgbà òtútù dé ìgbà òtútù!

Ìyá arúgbó kan wà ní Shediac, Ozite Cormier,
tó máa ń fi abẹ́rẹ́ ìhunṣọ gún un nítan lọ́dọọdún.
Baba mi á padà délé, á ká ṣòkòtò sókè,
á máa rẹ́rìn-ín bí ọmọdé:
"Ẹ wo ẹ̀jẹ̀! Obìnrin yẹn gbà mí gbọ́."

Òfin kan ló fi lélẹ̀ fún wa:
Bí ẹ bá rí mi níta, ẹ má kí mi.

Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni mí, mo wà ní ìlà kẹta,
mo ń jẹ ọ̀dùnkún díndín.
Nélida tẹ ìgúnpá mọ́ mi:
"Kí ló dé tí ìwọ ò pariwo?"
Mo dìde.
Mo pe baba mi lólè. Mo pè é lẹ́lẹ́dẹ̀.
Ó gbójú sókè láàrin èrò, ó rí mi,
ojú rẹ̀ sì tàn bí ojú ẹni tí wọ́n san gbèsè fún.
Ìgbà náà ni Wendell gbé e, ó fi ẹ̀yìn rẹ̀ na pákó,
gbàà!
Ení, èjì, ẹ̀ta.
Wọ́n dá a.
Èmi náà sì ti dà á.

Ìjàkadì kì í ṣe ìjà, a mọ̀ nílé.
Wendell yẹn náà ló ń fi ọkọ̀ gbé e bọ̀ lóru,
baba mi á sùn sílẹ̀ lẹ́yìn ìjókòó
kí ẹnikẹ́ni má baà rí ọ̀tá méjì tí ń pín agolo sadín-ìn kan.
Ṣùgbọ́n pákó kò mọ eré.
Egungun kò gbọ́ pé a ti ṣàdéhùn.

Nígbà tó yá, tẹlifíṣàn kó àwọn òmìrán wá láti Amẹ́ríkà.
Alẹ́ tó kẹ́yìn, ní Bathurst, èèyàn mọ́kànlélọ́gọ́ta,
pẹ̀lú ẹni tí ń ta tíkẹ́ẹ̀tì.
Ozite kú. Baba mi fi òdòdó ránṣẹ́,
ohun tó kọ sára rẹ̀ kò ju "Láti Toronto" lọ.

Ọdún méjìlélógún kọjá kí ìbàdí rẹ̀ tó jẹ tán.
Dókítà ní àfi Toronto.
Nọ́ọ̀sì gbé ìwé, ó bi í:
"Bàbá, ibo lẹ ti wá?"
Ó wo àwọn ilé gíga lójú fèrèsé, ó pẹ́ kó tó dáhùn.
"Ibí," ni ó wí.

Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́ ọn létí, mo ní: Ùùù!
Nọ́ọ̀sì ní a kì í pariwo lọ́dọ̀ aláìsàn.
Baba mi ní kó fi mí sílẹ̀,
mo ti sanwó ìwọlé.