Páálí Ìwé Tísà Fádípẹ̀

Ọjọ́ kẹjọ tí a sin Tísà Fádípẹ̀
ni àbúrò rẹ̀ gbé páálí kan wá sí ṣọ́ọ̀bù mi.
Ó ní, "Orúkọ rẹ ni ẹ̀gbọ́n mi kọ sí i lára."
Mo rẹ́rìn-ín. Èmi télọ̀,
èmi tí mo kàn ń tẹ ẹwìrì dùùrù fún un
nígbà tí ọwọ́ mi kò tíì tó ọwọ́ ìlẹ̀kùn ṣọ́ọ̀ṣì.

Ìwé ni. Mọ́kànlá.
Ìwé àwọn ará Amẹ́ríkà tí wọ́n ń ṣẹ̀dá orin,
ìwé jáàsì, ìwé búlúùsì,
ìwé orin àwọn tó forí ro oko òwú olówò,
àti ọ̀kan tó nípọn bíi bíríkì,
nípa àwọn tó ń ki ìṣó àti rọ́bà bọ inú dùùrù
kí ó lè sọ ohun tí kò sọ rí.
Erùpẹ̀ pupa Ẹ̀fọ̀n wà lára gbogbo wọn.
Ikán ti jẹ búlúùsì dé ìdajì:
títí di òní n kò mọ ibi tí ọkùnrin afọ́jú onígìtá yẹn sùn
lálẹ́ ọjọ́ tí ọkọ̀ ojú irin já a sílẹ̀ nínú òjò.

N kò gbọ́ ọ̀kankan rí nínú orin wọ̀nyí.
Ká má parọ́, Tísà gan-an kò gbọ́ púpọ̀.
Giramofóònù rẹ̀ ti kú tipẹ́,
ojú ló fi ń gbọ́ orin láti ìgbà náà.
Pẹ́ńsùlù rẹ̀ ń tẹ̀lé àmì orin lọ ní etí ìwé,
ó ń tú u sí dò, rè, mí, bó ti ń tú u fún àwa akọrin,
lẹ́tà wẹ́wẹ́, bí èèrà tó ru ìyẹ̀fun.
Níbi tí orin bá ti padà dé dò tó ti gbéra,
á kọ ọ́ síbẹ̀ lédè wa:
ulé.
Ojú ìwé kan lè ní mẹ́rin.

Ṣùgbọ́n nínú ìwé bíi bíríkì,
mo ṣí i títí, n kò rí ulé kankan.
Orin jáde, ó yà, ó tún yà,
ó ń gùnkè bí ọ̀nà Ìtawúrẹ́ sí Ẹ̀fọ̀n,
kò bojú wẹ̀yìn.
Tísà fa ìlà sábẹ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, bébà fẹ́rẹ̀ẹ́ ya:
"Ta ló bí ọmọ yìí? Wọn ò pè é kó wá jẹun ni?"
Nísàlẹ̀ ìyẹn, íńkì mìíràn, bóyá ọdún mìíràn:
"Mo tún un kà. Ó lè jẹ́ pé ó ṣì ń wá ọ̀nà ni."

Ilésànmí àbúrò mi ń wa tírélà ní Amẹ́ríkà.
Ọdún kẹtàdínlógún rèé.
Ó pè lálẹ́ Sátidé, mo ní kó jọ̀ọ́,
kó bá mi wá ọ̀kan nínú orin inú ìwé yìí.
Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, rédíò kàn ń dá sọ̀rọ̀ ni. Mi ò kì í gbọ́ ọ."
Ó dákẹ́. Mo gbọ́ táyà lórí ọ̀dà.
Lẹ́yìn náà ó gbé fóònù sún mọ́ rédíò.

Ohun tí mo gbọ́ kò jọ ohun tí ìwé wí.
Ó ń họ háráhárá, bí síìpù tó há,
fèrè kan wà nísàlẹ̀ tó ń ro ẹjọ́ tí ẹnikẹ́ni kò bi í.
Mo gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí ẹ̀rọ ìránṣọ.
Ìka mi ń wá dò lórí tábìlì,
láàárín ṣọ́ọ̀kì àti òwú.
Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dé. Mo mọ̀ pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dé.
Nẹ́tíwọ́ọ̀kì lọ.

Ìkùukùu ti bo òkè ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀ṣì.
Yunifọ́ọ̀mù mẹ́fà ṣì wà nílẹ̀ tí n kò tíì rán.
Mo ṣí ìwé bíi bíríkì,
mo kọ déètì ọjọ́ náà sí etí rẹ̀,
mo fi àyè sílẹ̀ níwájú rẹ̀,
ó tó lẹ́tà mẹ́ta.