Orúkọ Tó Ń Sinmi

Ní ọ́fíìsì kan nílùú ni mo ti rí ìwé náà,
fáìlì aláwọ̀ ilẹ̀, tí ikán ti tọ́ létí wò.
"Ọmọbìnrin kan, bí ọmọ ọdún méje. Ara rẹ̀ le. Yóò lè fọṣọ."
Nọ́ńbà ló tẹ̀ lé e.
Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ;
àwọn wọ̀nyí, ìwé tí wọ́n fi ń ka màlúù ni wọ́n wò.

Ìyá ìyá mi nìyẹn.
N kò ní dárúkọ rẹ̀ fún yín.
Lọ́dọ̀ tiwa, bí èèyàn bá kú, orúkọ rẹ̀ a máa sinmi,
a kì í pè é títí ilẹ̀ yóò fi gbà á tán.
Ẹ wá wo irú ìwé ìdílé tí mo fẹ́ kọ,
tí ẹni tó ni ín kò ní lè yọjú síbẹ̀!

Ó sọ fún mi, níbi tó ti ń bó ọ̀dùnkún,
pé ìyá òun a máa lọ èédú, a pò ó mọ́ ọ̀rá àgùntàn,
a fi kun òun lára láràárọ̀
kí àwọ̀ òun lè dúdú tó ti àwọn ẹ̀gbọ́n,
nítorí àwọn tó pọ́n ni ọkọ̀ ìjọba ń ṣà.
Lọ́jọ́ náà, òjò rọ̀.
Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ó ní kí n gbé ìkòkò kaná.

Ọdún mẹ́tàléláàádọ́rin lẹ́yìn òjò yẹn,
Clarrie, àbúrò màmá mi, fi Tòyótà rẹ̀ gbé wa,
èmi àti Noreen lẹ́yìn, láàárín táyà àti agolo epo,
ìyá àgbà níwájú, báàgì lórí itan bí ẹni ń lọ sí bánkì.
Ọ̀nà pupa. Ẹyẹ ímù mẹ́ta bá wa sáré lẹ́gbẹ̀ẹ́ wáyà,
wọ́n dúró lójijì, bí ẹni tó rántí gbèsè.
Géètì. Àgádágodo tó tóbi tó orí ọmọ tuntun.

Ọ̀dọ́mọkùnrin tó ni oko màlúù náà jáde, fìlà lọ́wọ́.
Bàbá bàbá òun ló ra ilẹ̀ yìí, ó ní. Lọ́wọ́ ta ni, kò sọ,
a kò sì bi í.
Ó na kọ́kọ́rọ́ sí wa. "Ẹ ṣọ́ra fún ejò o, màmá."
Ìyá àgbà ní, "Ejò ibẹ̀ mọ̀ mí."

Wọ́n ní odò tó bá gbàgbé orísun rẹ̀ yóò gbẹ.
Irọ́ ni. Odò wa kò gbàgbé nǹkan kan;
àwọn olóko òwú lókè lọ́hùn-ún ló fi ẹ̀rọ fà á mu.
Iyanrìn ló kù, àti òkìtì ìkarahun tí àwọn baba wa jẹ sílẹ̀,
àti igi ńlá kan létí bèbè, tó ní àpá,
gígùn bí ọkọ̀ ojú omi, nítorí ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n gé lára rẹ̀.
Èèpo ti ń pa àpá náà dé láti ẹ̀gbẹ́ méjèèjì,
bí ètè ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀, tó tún un rò.
Ó gbé ọwọ́ lé e. "Bàbá ìyá mi ló mú àáké."
Kò sunkún. Èmi ni mo sunkún.

Lẹ́yìn náà ó fi iyanrìn ra abíyá ara rẹ̀,
ó fi ra tiwa, bí a ti ń rẹ́rìn-ín,
ó fọ́n ọn síbi tí omi ìbá wà,
ó kígbe sí àwọn tí a kò rí:
èmi ni o, mo ti dé, àwọn ọmọ mi nìyí,
ẹ gbóòórùn wọn, ẹ má ṣe wọ́n ní nǹkan.
Èdè òyìnbó ló fi kígbe. Tiwa,
ọṣẹ ilé ọmọ òrukàn ti fọ̀ ọ́ dànù lẹ́nu rẹ̀
(ọmọ òrukàn! ìyá rẹ̀ wà láàyè o)
àfi ọ̀rọ̀ kan.

Ó kúnlẹ̀, ó fi kọ́ọ̀pù tíì wa ilẹ̀,
ó jìn tó ìgúnpá. Ilẹ̀ dúdú. Ilẹ̀ tutù.
Omi yọ, ó rú, kò kún àtẹ́lẹwọ́.
Ó pè é bí ìyá rẹ̀ ṣe ń pè é.
N kò ní kọ ìyẹn náà síbí.
Ẹ fẹ́ gbọ́ ọ? Ẹ máa bọ̀.
Kọ́kọ́rọ́ ṣì wà lọ́wọ́ Clarrie,
a kò dá a padà.